Ìran Tí À Ń Wò àti Ìwà Tí À Ń Hù

Kò sí orílẹ̀-èdè kan lábẹ́ ọ̀run tí kò ní ohun tí ó fi ń dá ara rẹ̀ lára yá. Bí àgbẹ̀ bá ti oko dé, bí oníṣòwò bá ti ọjà dé, bí akẹ́kọ̀ọ́ bá sì pa ìwé rẹ̀ dé, ọkàn olúkúlùkù wọn a máa wá ohun tí yóò mú un rẹ́rìn-ín, tàbí tí yóò mú un gbàgbé wàhálà ọjọ́ náà. Èyí kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Àwọn baba wa kò ka eré sí ohun yẹpẹrẹ. Ìdí nìyí tí wọ́n fi ní àlọ́ fún alẹ́, ayò fún ọ̀sán, ìjàkadì fún àwọn ọ̀dọ́, àti egúngún fún gbogbo ìlú. Ṣùgbọ́n ohun kan wà tí ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn kì í rántí. Ẹni tí ó ń wòran rò pé òun ni òun ń wo ìran. Kò mọ̀ pé bí òun ti ń wò ó ni ìran náà ń mọ òun, gẹ́gẹ́ bí amọ̀kòkò ti ń mọ amọ̀.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ bi ara yín léèrè: ta ni ó kọ́ yín ní irú aṣọ tí ẹ̀yin ń fẹ́ wọ̀? Ta ni ó kọ́ yín ní ọ̀rọ̀ ẹnu tí ẹ fi ń bá ẹgbẹ́ yín ṣẹ̀fẹ̀? Nígbà tí ẹ bá ń ro ohun tí ń jẹ́ ọlá, ilé ta ni ó ń wá sí yín lọ́kàn? Bí ẹ bá dáhùn pẹ̀lú òtítọ́, ẹ óò rí i pé kì í ṣe ẹnu bàbá tàbí ìyá tàbí olùkọ́ nìkan ni ẹ ti gbọ́ nǹkan wọ̀nyí. Inú eré ni ẹ ti rí púpọ̀ nínú wọn. Nítorí náà ó yẹ kí á mọ ìtàn eré ní ilẹ̀ wa, kí á mọ ọwọ́ tí ó ti kọjá, àti ohun tí ó ti fi àwọn òǹwòran ṣe.

Ní ayé àtijọ́, àwọn apidán ni ọ̀gá eré ní ilẹ̀ Yorùbá. Láàfin Ọ̀yọ́ ni eré wọn ti gbilẹ̀, láti inú egúngún ni ó sì ti jáde. Nígbà tí ó yá, àwọn ẹgbẹ́ wọn ń ti ìlú kan dé ìlú kejì, wọ́n ń rìn, wọ́n ń jó, ni a fi ń pè wọ́n ní alárìnjó. Ní ọdún 1826, Hugh Clapperton, ọ̀gágun ojú omi kan tí ó jẹ́ ará Scotland, dé Ọ̀yọ́-Ilé, Aláàfin sì jẹ́ kí ó wo ìran yìí. Ó kọ ohun tí ó rí sínú ìwé. Lákọ̀ọ́kọ́, àwọn eléégún tí wọ́n wà nínú àpò jó, wọ́n sì ta òkìtì. Lẹ́yìn náà, ọ̀kan nínú wọn di erè ńlá. Ní ìkẹyìn, àpò kan ṣí, ẹnì kan sì jáde láti inú rẹ̀ tí ó funfun bí ẹfun, tí ó rù kan egungun, tí òtútù ń mú. Ó ń fi ọwọ́ ra ọwọ́, ó ń fín áṣáà símú, ó sì ń rìn gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ẹsẹ̀ ń ta. Òyìnbó ni wọ́n ń sín jẹ! Àwọn ará Ọ̀yọ́ rẹ́rìn-ín, wọ́n sì ń yíjú sí Clapperton àti àwọn tí wọ́n bá a rìn láti mọ̀ bí eré náà ti dùn mọ́ wọn nínú sí. Ó sì ṣe bí ẹni tí inú rẹ̀ dùn.

Ẹ fi ara balẹ̀ wo ohun tí ó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀. Ọkùnrin kan tí ó ti ọ̀nà jíjìn wá wo àwọn ẹlòmíràn rí ara rẹ̀ bí àwọn ẹlòmíràn ti rí i. Agbára eré nìyí. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò lè dìde sọ fún àlejò ọba ní gbangba, eéégún sọ ọ́, ẹnikẹ́ni kò sì bínú. Bí wọ́n ti ń sín òyìnbó jẹ, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń sín ọ̀mùtí jẹ àti ẹni tí ó ní ìwà àléébù. Ẹni tí ó bá rí àbùkù ara rẹ̀ ní ojú agbo yóò padà sílé láti tún ìwà rẹ̀ ṣe.

Ohun kejì tí ó yẹ kí a mọ̀ nípa eré ìgbà náà ni pé ó ń gba èsì. Òṣèré wà níhìn-ín, òǹwòran wà lọ́hùn-ún, ojú sì ń ko ojú. Bí eré bá dùn, àwọn ènìyàn a náwó, wọn a sì bá wọn gbe orin. Bí kò bá dùn, tàbí bí ó bá kọjá ààlà, àwọn ènìyàn a káwọ́ dúró, wọn a yọ ṣùtì, tàbí kí wọ́n fi agbo sílẹ̀ fún un. Ọ̀dọ̀ àwọn tí ń wò ó ni òṣèré ti ń jẹun, nítorí náà kò lè tàn wọ́n jẹ pẹ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ pa ọ̀rọ̀ yìí mọ́ lọ́kàn, nítorí òun ni òpó tí ó gbé gbogbo ìtàn yìí ró.

Nígbà tí ìgbàgbọ́ Kìrìsìtì gbilẹ̀, ọ̀pọ̀lọpọ̀ àwọn aṣáájú ìjọ kò fẹ́ gbọ́ ohun tí ó jẹ mọ́ egúngún rárá. Síbẹ̀ ìfẹ́ eré kò kú. Inú ṣọ́ọ̀ṣì gan-an ni ó tún gbà jáde. Hubert Ògúndé, ọmọ Òsóṣà lẹ́bàá Ìjẹ̀bú-Òde, tí a bí ní 1916, ti bá àwọn eléégún ṣeré ní kékeré rẹ̀. Ó ṣe olùkọ́, lẹ́yìn náà ó di ọlọ́pàá. Ní oṣù kẹfà ọdún 1944, ó gbé eré kan tí ó dá lórí Ọgbà Édẹ́nì kalẹ̀ ní gbọ̀ngàn Glover ní Èkó, láti fi kó owó ilé jọ fún Ìjọ Olúwa ti Aládùúrà ní Èbúté Mẹ́tta. Àwọn ènìyàn gba eré náà tọwọ́tẹsẹ̀. Ní ọdún tí ó tẹ̀lé e, Ògúndé fi iṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀, ó sì sọ eré ṣíṣe di iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀.

Ó yára mọ̀ pé eré lè sọ̀rọ̀ nípa ohun tí ń dun ará ìlú. Ní 1945, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba yan iṣẹ́ lódì jákèjádò Nàìjíríà nítorí pé owó ọjà ti gbówó lórí nígbà ogun, owó iṣẹ́ wọn kò sì tó wọn jẹun. Ògúndé sọ ọ̀rọ̀ náà di eré, ó pè é ní Strike and Hunger. Ní Jos ní 1946, àwọn ọlọ́pàá dá a dúró. Ní ọjọ́ 18 oṣù kọkànlá ọdún 1949, àwọn ọlọ́pàá yìnbọn sí àwọn awa-èédú ní Enugu, ènìyàn 21 sì kú. Ní ọdún 1950, Ògúndé gbé eré Bread and Bullet jáde lórí ọ̀rọ̀ náà, wọ́n sì dá òun náà dúró ní Kano. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, bí eré bá jẹ́ ohun yẹpẹrẹ tí kò lè yí ọkàn ènìyàn padà, kí ni ìbá mú kí ìjọba tí ó ní ìbọn máa bẹ̀rù rẹ̀?

Ohun mìíràn tún wà tí Ògúndé yí padà láìpariwo. Ní ìgbà náà, àwọn òbí kì í fẹ́ kí ọmọbìnrin wọn di òṣèré, nítorí pé wọ́n kà á sí iṣẹ́ aláìníláárí. Bí obìnrin bá sì wọ ẹgbẹ́ pàápàá, kì í pẹ́ tí wọn yóò fi mú un kúrò. Ògúndé fẹ́ àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀ níyàwó kí wọ́n bàa lè dúró. Ẹnikẹ́ni lè rò ó bí ó ti fẹ́ lórí ọ̀nà tí ó gbà ṣe é. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ìlú wá rí obìnrin lórí ìtàgé tí ó ń kọrin, tí ó ń jó, tí ó sì ń fi ìyẹn jẹun. Ojú ní í kọ́kọ́ gba nǹkan, ọkàn a sì tẹ̀lé e. Bí àwọn ọmọbìnrin ṣe kún inú iṣẹ́ eré lónìí, orí pákó ìtàgé wọ̀nyẹn ni ọ̀nà wọn ti là.

Ní 1964, nígbà tí ìjà òṣèlú pín ilẹ̀ Yorùbá sí méjì, Ògúndé gbé eré Yorùbá Ronú jáde. Ìtàn ọba kan tí igbákejì rẹ̀ dalẹ̀ rẹ̀ ni. Gbogbo ènìyàn mọ ẹni tí ọ̀rọ̀ náà ń bá wí, ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn náà sì mọ̀. Wọ́n fi òfin de ẹgbẹ́ Ògúndé pé kò gbọdọ̀ ṣeré mọ́ ní agbègbè wọn. Ògúndé sì fi eré mìíràn dá wọn lóhùn, ó pè é ní Òtítọ́ Korò. Ọdún 1966, nígbà tí àwọn ológun gba ìjọba, ni a tó tú òfin náà. Ṣùgbọ́n kí ni òfin náà mú wá? Àwọn tí wọ́n fi òfin de eré náà ti kúrò lórí oyè, orúkọ eré náà sì wà lẹ́nu àwọn ènìyàn títí di òní.

Ní àkókò kan náà tí àwọn eléré ń ti ìlú dé ìlú, ohun mìíràn ti ń wọ inú ilé wa láìṣe ariwo. Ní 1935, ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí fi wáyà gbé ọ̀rọ̀ láti ìlú Lọ́ńdọ̀nù wọ inú àpótí kéékèèké ní ilé àwọn ará Èkó. Ìbàdàn náà ní tirẹ̀ ní 1939. Ẹni tí ó ní àpótí yìí kò lè yan ohun tí yóò gbọ́. Ohun kan ṣoṣo tí ó lè ṣe ni kí ó mú ohùn rẹ̀ lọ sókè tàbí kí ó mú un wálẹ̀. Àwọn baba wa wo nǹkan yìí, wọ́n sì sọ ọ́ ní asọ̀rọ̀mágbèsì. Ẹ wo ọgbọ́n tí ó wà nínú orúkọ náà! Wọn kò sọ ọ́ ní àpótí tí ń kọrin, wọn kò sì sọ ọ́ ní ẹ̀rọ òyìnbó. Ohun tí wọ́n rí gẹ́gẹ́ bí àmì rẹ̀ gan-an ni pé ó ń sọ̀rọ̀, kò sì gbọ́ èsì. Àwọn tí ó ti mọ eré alárìnjó, níbi tí agbo àti òṣèré ti jọ ń sọ̀rọ̀, wọ́n mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ohun kan ti sọnù.

Kò pẹ́ tí ọ̀rọ̀ náà fi di ọ̀rọ̀ ìṣèlú. Ní oṣù kẹta ọdún 1953, Anthony Enahoro dábàá ní ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ní Èkó pé kí Nàìjíríà gba òmìnira ní 1956. Àwọn aṣòfin Àríwá kò gbà, àwọn ọmọ ẹgbẹ́ Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ sì bínú jáde. Gómìnà Macpherson lọ sí orí rédíò, ó sì bá àwọn tí wọ́n bínú jáde wí. Awólọ́wọ̀ ní kí wọ́n jẹ́ kí òun náà wá sọ tẹnu òun lórí rédíò kan náà. Wọn kò gbà. Asọ̀rọ̀mágbèsì jẹ́ orúkọ rẹ̀ ní tòótọ́! Láti ọjọ́ náà ni Awólọ́wọ̀ ti pinnu pé ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn gbọ́dọ̀ ní ilé iṣẹ́ tirẹ̀. Ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn.

Ẹ ó máa gbọ́ tí àwọn ènìyàn ń yangàn pé tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn ṣáájú ti ilẹ̀ Faransé. Èyí kì í ṣe òtítọ́, nítorí pé ilẹ̀ Faransé ti ní tẹlifíṣọ̀n kí Ogun Àgbáyé Kejì tó bẹ̀rẹ̀. Ohun tí ó jẹ́ òtítọ́ tó láti mú orí wa wú: òun ni àkọ́kọ́ ní gbogbo ilẹ̀ olóoru Áfíríkà. Mo sọ èyí kí ẹ lè mọ̀ pé ohun tí ó dùn létí kì í ṣe òtítọ́ nígbà gbogbo, pàápàá ohun tí ó ń yin ara wa.

Tẹlifíṣọ̀n gbé eré kúrò ní ojú agbo wá sínú ilé. Kọ́lá Ògúnmọ́lá àti Dúró Ládiípọ̀, tí àwọn ènìyàn ń san owó láti wò ní gbọ̀ngàn, di ẹni tí a ń wò láti orí àga. Ládiípọ̀ yìí ni àwọn ará ìjọ rẹ̀ ní Òṣogbo bá wí nítorí pé ó lu ìlù ìbílẹ̀ nínú orin Àjíǹde. Òun náà ni ó gbé eré Ọba Kò So lọ sí ìlú Berlin ní 1964, tí àwọn aláwọ̀ funfun sì pàtẹ́wọ́ fún bàtá Ṣàngó. Mósè Ọláìyá, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Bàbá Sàlá, wọ awò ojú gbàràmù-gbaramu, ó so táì ọrùn tí ó fẹ̀ ju èjìká lọ, gbogbo ilé sì ń rẹ́rìn-ín. Ó mú ahun, òpùrọ́ àti onígbéraga, ó sọ gbogbo wọn di ẹni ẹ̀sín, gan-an gẹ́gẹ́ bí àwọn apidán ti ń ṣe nígbà àtijọ́.

Ère wà nínú èyí, àdánù sì wà níbẹ̀. Ère rẹ̀ ni pé ará Ìkìrun àti ará Ìkòròdú lè wo eré kan náà ní alẹ́ kan náà, kí wọ́n sì jọ fi í ṣe àpárá ní ọjọ́ kejì. Èyí wà lára ohun tí ó so àwọn ẹ̀yà Yorùbá pọ̀ mọ́ra. Àdánù rẹ̀ ni pé àlọ́ alẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí kú. Nínú àlọ́, ọmọdé a máa dáhùn, a máa gbe orin, a sì máa béèrè pé, "Kí ni ó dé?" Níwájú tẹlifíṣọ̀n, ọmọdé a dákẹ́.

Láti orí tẹlifíṣọ̀n a bọ́ sínú sinimá. A ti fi sinimá han àwọn ará Èkó ní gbọ̀ngàn Glover kan náà láti 1903, ṣùgbọ́n àwọn ènìyàn ilẹ̀ òkèèrè ni a ń wò fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní 1976, Ọlá Balógun ṣe Àjàní Ògún, àwọn ènìyàn sì gbọ́ èdè Yorùbá lẹ́nu àwọn tí wọ́n wà lójú aṣọ funfun ńlá náà. Ògúndé ṣe Ayé ní 1979. Bàbá Sàlá náà kó owó rẹ̀ jọ, ó yá owó kún un, ó sì ṣe Ọ̀run Móoru ní 1982. Ẹ gbọ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí i. Àwọn olè jí fíìmù náà, wọ́n dà á sínú kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n sì ń tà á kiri. Gbèsè wọ ọkùnrin náà lọ́rùn. Ta ni ó ba iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́? Olè ni ẹ óò wí. Ṣùgbọ́n olè kì í rí ọjà tà bí kò bá sí ẹni tí yóò rà á. Àwọn tí wọ́n ra kásẹ́ẹ̀tì náà ni àwọn kan náà tí Bàbá Sàlá ti pa lẹ́rìn-ín fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ọwọ́ àwọn tí ó fẹ́ràn rẹ̀ ni wọ́n fi pa á lára.

Lẹ́yìn 1986, owó náírà já wálẹ̀, fíìmù sì di ohun tí apá kò ká mọ́. Ẹ̀rù ìgárá ọlọ́ṣà kò sì jẹ́ kí àwọn ènìyàn fẹ́ jáde ní alẹ́ mọ́. Bí ilé sinimá ti ń di ilé ìjọsìn àti ilé ìkẹ́rùsí, àwọn òṣèré bẹ̀rẹ̀ sí fi kámẹ́rà fídíò ya eré wọn, wọ́n sì ń tà á nínú kásẹ́ẹ̀tì. Àwọn Yorùbá wà lára àwọn tí ó bẹ̀rẹ̀ èyí kí ọdún 1990 tó dé. Ní 1992, eré Living in Bondage, tí a ṣe ní èdè Ígbò, sọ iṣẹ́ náà di òwò ńlá. Nígbà tí àjọ UNESCO ka iye sinimá tí orílẹ̀-èdè kọ̀ọ̀kan ṣe ní 2006, Íńdíà ṣe 1,091, Nàìjíríà ṣe 872, Amẹ́ríkà sì ṣe 485.

Kí ni irú ọ̀pọ̀ eré bẹ́ẹ̀ fi wá ṣe? Ó ṣe wá ní oore púpọ̀. Ọmọ Yorùbá tí a bí sí Lọ́ńdọ̀nù, tí kò dé Abẹ́òkúta rí, lè gbọ́ bí a ti ń kí àgbà àti bí a ti ń pa òwe. Ní 1999, Túndé Kèlání gbé Ṣaworoidẹ jáde, èyí tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ ìtàn rẹ̀. Ọba tí ó kọ̀ láti bá ìlú mulẹ̀ àti ológun tí ó fi ipá gbàjọba ni ìtàn náà dá lé lórí. Ọdún náà gan-an ni ìjọba ológun kógbá wọlé ní Nàìjíríà. Kò sí òǹwòran tí kò mọ ibi tí òwe náà ń lọ.

Ṣùgbọ́n ẹ wo apá kejì. Nínú Living in Bondage, ọkùnrin kan fi aya rẹ̀ ṣe oògùn owó. Láti ìgbà náà ni àwọn eré oògùn owó ti ń dà bí òjò. Bí o bá bi àwọn tí ń ṣe wọ́n, wọn yóò sọ pé ìwà náà ni àwọn ń bá wí, àti pé ẹni ibi a máa jìyà ní ìparí. Òtítọ́ ni wọ́n sọ. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí wọ́n ti pín àkókò eré náà. Fún wákàtí méjì ni wọ́n yóò fi ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ hàn yín, àti ilé alájà mélòó, àti aṣọ olówó iyebíye. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá ìkẹyìn ni wọ́n yóò fi bá yín wí. Èwo nínú méjèèjì ni ọmọdé yóò rántí ní ọjọ́ kejì? Ohun tí ó tún burú jù ni èyí: ní inú irú eré bẹ́ẹ̀, owó a máa ti inú oògùn jáde, kì í ti inú iṣẹ́ jáde. A kì í rí ọkùnrin tí ó fi ogún ọdún kọ́ iṣẹ́, tí ó sì là níbẹ̀, nítorí pé ogún ọdún iṣẹ́ kò dùn ún wò. Ẹni tí ó bá ti wo irú eré bẹ́ẹ̀ ní ọgọ́rùn-ún ìgbà lè má gbà pé òun gba oògùn owó gbọ́, síbẹ̀ ó ti gbà lọ́kàn rẹ̀ pé òwúrọ̀ ọjọ́ kan ni ènìyàn ń di olówó. Eré kò pàṣẹ fún un. Ó kàn fi ohun kan hàn án títí tí ohun náà fi dà bí ayé gan-an.

Nísinsìnyí, ìran ti kúrò nínú àpótí, ó ti wọ inú àpò wa. Pẹ̀lú fóònù, ó dà bí ẹni pé asọ̀rọ̀mágbèsì ti wá ń gba èsì. Ẹnikẹ́ni lè dá sí ọ̀rọ̀. Ọ̀dọ́ kan ní Ìsẹ́yìn lè ya eré tirẹ̀, kí àwọn ará Brasil sì wò ó. Ohun rere ni. Ṣùgbọ́n ẹ̀rọ yìí ní ohun kan tí rédíò kò ní: bí o ti ń wò ó ni òun náà ń wò ọ́. Ó ń kọ ohun tí o dúró wò sílẹ̀, àti ohun tí o yára gbà kọjá. Yóò sì máa gbé irú èyí tí o dúró wò wá, lọ́la àti lọ́túnla. Bí ìjà ni ó dá ọ dúró, ìjà ni yóò máa gbé wá. Bí ẹ̀fẹ̀ lásán ni, ẹ̀fẹ̀ lásán ni. Nígbà àtijọ́, gbogbo agbo ní í jọ wo eré kan. Lónìí, ọmọ mẹ́ta nínú yàrá kan lè máa wo ayé mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, kí ẹnìkan má sì mọ ohun tí ẹnìkejì ń wò.

Owó ńkọ́? Nígbà alárìnjó, òǹwòran ni ó ń náwó fún òṣèré. Lónìí, ọ̀pọ̀lọpọ̀ ìran tí o ń wò lórí fóònù ni o kò san kọ́bọ̀ lé lórí yàtọ̀ sí owó dátà. Ọ̀dọ̀ àwọn tí ń polówó ọjà ni owó ti ń wá. Bí ọ̀rọ̀ bá sì rí bẹ́ẹ̀, kí ni ọjà tí wọ́n ń tà fún wọn? Àkókò rẹ ni, àti ojú rẹ. Ẹni tí ó bá rò pé òun wà ní ọjà gẹ́gẹ́ bí oníbàárà, kí ó tún wò ó dáadáa, kí ó má baà jẹ́ pé orí àtẹ ni ó wà.

Àwọn kan yóò wí pé kí á kúkú pa gbogbo rẹ̀ tì. Ìmọ̀ràn yìí kò lè ṣiṣẹ́. Òfin ìjọba kò pa Yorùbá Ronú. Ìbáwí ṣọ́ọ̀ṣì kò pa ìlù Ládiípọ̀. Òǹwòran tí ó gbọ́n ni ó lè gba ara rẹ̀ lọ́wọ́ ìran. Nítorí náà, ẹ gba ohun mẹ́ta yìí.

Èkíní, ẹ máa fún ìran lésì. Bí ẹ bá wo ohun kan tán, ẹ béèrè pé: ta ni ó ṣe èyí, kí ni ó fẹ́ kí n ṣe, kí ni ó sì fi pamọ́ fún mi? Ẹ jọ sọ ọ́ pẹ̀lú ẹgbẹ́ yín àti àwọn òbí yín. Eré tí a kò bá sọ̀rọ̀ lé lórí ni ó ń wọ inú ẹ̀jẹ̀ láìjẹ́ pé a mọ̀.

Èkejì, ẹ má ṣe jẹ nínú olè. Ẹni tí ó bá dá yín lára yá, ẹ jẹ́ kí ó jẹ èrè iṣẹ́ rẹ̀. Ẹ rántí Bàbá Sàlá.

Ẹ̀kẹta, ẹ má ṣe jẹ́ òǹwòran nìkan. Nínú yín ni àwọn tí yóò kọ ìtàn, tí yóò ṣeré, tí yóò sì ya àwòrán ti wà. Àwọn ará Ọ̀yọ́ ọdún 1826 kò jókòó kí àlejò máa sọ fún wọn bí wọ́n ti rí. Àwọn ni wọ́n fi han àlejò bí òun náà ti rí. Ẹni tí kò bá sọ ìtàn ara rẹ̀, ẹlòmíràn ni yóò bá a sọ ọ́, bí ó bá sì ti wu onítọ̀hún ni yóò sọ ọ́.

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní bí òwe bí òwe ni à ń lu ìlù ògìdìgbó. Ọlọ́gbọ́n ní í jó o, ọ̀mọ̀ràn ní í mọ̀ ọ́n. Ìlù kò tíì dákẹ́ ní ilẹ̀ wa, kò sì ní dákẹ́. Bí ó bá dún, ẹ jó. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó gbé ẹsẹ̀, ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ohun tí ó ń wí.